Kí Ló Kàn Ọ́ Ńbẹ̀? Ilé-Ẹjọ́, Ọlọ́pàá àti Ẹni tí ń Béèrè Ìdí Ọ̀ràn

Ó ṣeé ṣe kí àwọn kan láàárín yín máa rò ó lọ́kàn pé kí ló kan olùkọ́ lítíréṣọ̀ nínú ọ̀rọ̀ ilé-ẹjọ́ àti ọlọ́pàá. Ìbéèrè náà tọ̀nà. Òun gan-an ni mo sì fi ṣe orí ọ̀rọ̀ mi, nítorí pé ìbéèrè kan náà ni àwọn adájọ́ orílẹ̀-èdè yìí ti ń bi àwọn ènìyàn fún ìgbà pípẹ́, bí wọ́n bá wá sí iwájú wọn láti sọ pé, 'Ẹ bá wa wo bí àwọn ọlọ́pàá ṣe ń ṣe ìwádìí ọ̀ràn yìí.'

Ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ láti inú èdè, níbi tí ẹsẹ̀ mi ti múlẹ̀ díẹ̀. Ọ̀rọ̀ tí àwa Yorùbá ń lò fún iṣẹ́ tí ọlọ́pàá ń ṣe nígbà tí ọ̀ràn bá ṣẹlẹ̀ ni ìwádìí. Kò ṣòro láti tú ọ̀rọ̀ náà: kí a wá ìdí ni. A kò pè é ní wíwá ẹni tí a óò tì mọ́lé, a kò sì pè é ní wíwá owó béèlì, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé a ti kọ ọ́ sára ògiri àgọ́ ọlọ́pàá káàkiri pé a kì í gba owó fún béèlì. Ẹni tí ó bá dúró ní ojú ọ̀ràn láìdé ìdí rẹ̀ kò tíì ṣe ìwádìí. Ọ̀rọ̀ kejì tí a óò lò lónìí ni àtúnyẹ̀wò. Ẹni tí ó tún nǹkan yẹ̀ wò kò gba nǹkan náà ṣe. Bí olóko bá ní kí ẹnì kan bá òun yẹ ebè tí alágbàṣe kọ wò, ẹni náà kò ní í gba ọkọ́ lọ́wọ́ alágbàṣe. Yóò kàn sọ bóyá ebè pé tàbí kò pé, bóyá alágbàṣe tilẹ̀ dé oko rárá. Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni adájọ́ tí a ní kí ó yẹ iṣẹ́ ọlọ́pàá wò. Kì í di ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́, kì í sì í sọ ẹni tí ó jẹ̀bi. Ohun tí ó ń béèrè ni pé: ǹjẹ́ òfin gbé iṣẹ́ yìí lé ọ lọ́wọ́? Ǹjẹ́ a bẹ̀ ọ́ kí o ṣe é? Kí ni o wá ṣe?

Ẹjọ́ tí ó fi ẹsẹ̀ ọ̀rọ̀ yìí múlẹ̀ jù lọ ní ilẹ̀ wa kò ṣẹlẹ̀ ní ibi tí ó jìnnà sí wa níhìn-ín. Ní ọjọ́ Àìkú, ọjọ́ 19 oṣù Kẹwàá ọdún 1986, a mú àpò-ìwé kan wá sí ilé Délé Gíwá ní òpópó Tàlàbí, Ìkẹjà. Gíwá ni olóòtú àgbà ìwé ìròyìn Newswatch, èyí tí òun pẹ̀lú Ray Ekpu, Dan Agbese àti Yakubu Mohammed jọ dá sílẹ̀. Ẹni ọdún 39 ni. Ó ń ṣí àpò náà lọ́wọ́ ni bọ́ǹbù tí ó wà nínú rẹ̀ bú gbàù, ó sì kú ní ọjọ́ náà gan-an. Ìjọba ológun ni ó wà lórí oyè nígbà náà, àwọn òṣìṣẹ́ ààbò ìjọba sì ti pe Gíwá láti fi ọ̀rọ̀ wá a lẹ́nu wò ní ọjọ́ díẹ̀ ṣáájú ikú rẹ̀.

Agbẹjọ́rò rẹ̀, Olóyè Gàní Fáwẹ̀hìnmi, ọmọ bíbí ìlú Oǹdó, kò dúró de ẹnikẹ́ni. Ó kó àwọn ohun tí ó kà sí ẹ̀rí jọ, ó sì gbé ẹ̀sùn ìpànìyàn dìde sí àwọn ọ̀gá ológun méjì: Kọ́nẹ́ẹ̀lì Halilu Akilu tí ó jẹ́ olórí ẹ̀ka ìtọpinpin ti iṣẹ́ ológun, àti Kọ́nẹ́ẹ̀lì A. K. Togun ti àjọ ààbò SSS. Kí n yára fi kún un pé àwọn méjèèjì sọ pé ọwọ́ àwọn mọ́, kò sì sí ilé-ẹjọ́ tí ó dá ọ̀kankan nínú wọn lẹ́bi títí di òní. Èmi kò wá síhìn-ín láti dá wọn lẹ́jọ́. Ọ̀nà tí Fáwẹ̀hìnmi gbà ni ó kàn mí.

Òfin ìlànà ẹjọ́ ọ̀daràn ti Ìpínlẹ̀ Èkó ní ìgbà náà fi àyè sílẹ̀ fún ẹnikẹ́ni láti pe ọ̀daràn lẹ́jọ́ fúnra rẹ̀. Ṣùgbọ́n ìlẹ̀kùn kan wà níbẹ̀. Olùpẹjọ́ gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ gbé ìwé ẹ̀sùn rẹ̀ lọ sí ọ́fíìsì olùdarí ìpẹ̀jọ́ ìjọba, kí ọ́fíìsì náà sì kọ ọ́ sí ara ìwé ọ̀hún pé àwọn ti rí i, àwọn kò sì ní í pe ẹjọ́ náà ní orúkọ ìjọba. Èyí ni pé ìdáhùn méjì péré ni ó wà: àwa yóò pè é, tàbí àwa kò ní í pè é, ìwọ lè máa lọ. Fáwẹ̀hìnmi gbé ìwé rẹ̀ lọ, ọ́fíìsì náà kò sì sọ ọ̀kankan nínú méjèèjì. Ẹ̀yin tí ẹ ti gbé ẹ̀sùn lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá rí yóò mọ ìdáhùn kẹta yìí dáadáa. 'Ẹ máa lọ ná, a ń ṣiṣẹ́ lórí rẹ̀.' Bẹ́ẹ̀ ni a kì í mọ ọjọ́ tí iṣẹ́ náà yóò parí. Ẹni tí ó sọ pé òun kò ṣe, a lè gbé e lọ síwájú ẹni tí ó jù ú lọ. Kí ni a fẹ́ ṣe fún ẹni tí ń ṣe é lọ títí ayé?

Ohun tí òfin pèsè fún irú ìdáhùn kẹta yìí ni àṣẹ tí a ń pè ní mandamus. Èdè Látìn ni. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni 'àwa pa á láṣẹ'. Adájọ́ ni yóò fi pàṣẹ fún òṣìṣẹ́ ìjọba pé kí ó ṣe iṣẹ́ tí òfin gbé lé e lọ́wọ́. Kò sọ bí yóò ti ṣe é sí. Kí a tó gba àṣẹ náà, a ní láti kọ́kọ́ gba ìyọ̀ǹda ilé-ẹjọ́ láti béèrè fún un. Ìyọ̀ǹda yìí ni Fáwẹ̀hìnmi wá lọ sí Ilé-Ẹjọ́ Gíga ti Èkó nínú oṣù Kọkànlá 1986. Wọn kò fún un. Ó lọ sí Ilé-Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn, kò rí i gbà níbẹ̀ náà. Egungun tí ó há ẹjọ́ náà lọ́fun ni ìbéèrè tí mo fi ṣe orí ọ̀rọ̀: kí ló kàn ọ́ ńbẹ̀? Ìwọ kọ́ ni bàbá òkú, ìwọ kọ́ ni ọmọ rẹ̀, àpò náà kò bú mọ́ ọ lọ́wọ́.

Ní ọjọ́ 18 oṣù Kejìlá 1987, Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jù Lọ yí ìdájọ́ náà padà. Adájọ́ Andrews Otutu Obaseki ni ó ka ìdájọ́ tí ó ṣíwájú. Àlàyé rẹ̀, bí mo bá fi ọ̀rọ̀ tiwa sọ ọ́, ni pé òfin ọ̀daràn kì í ṣe ti ẹnì kan. Gbogbo wa ni ó dè, gbogbo wa ni ó ń dáàbò bò. Nítorí náà, olúkúlùkù wa ni olùtọ́jú arákùnrin rẹ̀, ó sì kàn wá láti rí i pé a kò fi ọ̀ràn pamọ́. Adájọ́ Káyọ̀dé Èṣó, ọmọ Iléṣà, náà kọ ìdájọ́ tirẹ̀ láti tì í lẹ́yìn, ó sì fi hàn gbangba pé òun mọ̀ pé àwọn ń kúrò ní ojú ọ̀nà híhá tí ilé-ẹjọ́ kan náà ti ń tọ̀ tẹ́lẹ̀.

Ẹnikẹ́ni tí ó bá ka Bíbélì yóò mọ ibi tí gbólóhùn olùtọ́jú arákùnrin ti wá. Kéènì ni ó fi ṣe ìbéèrè, ìbéèrè ẹni tí ó fẹ́ sá fún ìwádìí sì ni. Ó dùn mọ́ mi nínú pé àwọn adájọ́ sọ ìbéèrè apànìyàn di ìdáhùn ará ìlú. Ṣùgbọ́n a kò nílò láti lọ sí inú Jẹ́nẹ́sísì. Àwọn àgbà wa sọ pé bí ará ilé ẹni bá ń jẹ kòkòrò búburú, tí a kò bá sọ fún un, hẹ̀rẹ̀hùrù rẹ̀ kò ní í jẹ́ kí a sùn lóru. Ẹ wo ilẹ̀ Ìjẹ̀bú àti Rẹ́mọ tí ó yí Ìkòròdú ká, níbi tí Òṣùgbó ti jẹ́ agbára nínú ìlú láyé àtijọ́. Bí ẹ̀jẹ̀ bá kan ilẹ̀, ọ̀rọ̀ ti kúrò ní ti ẹbí òkú nìkan. Ilẹ̀ ni a ṣẹ̀, gbogbo ẹni tí ń tẹ ilẹ̀ ni ọ̀rọ̀ kàn. Nítorí náà, nígbà tí mo bá gbọ́ tí àwọn ènìyàn ń sọ pé ẹ̀kọ́ àwọn òyìnbó ni ìdájọ́ 1987, n kì í gbà fún wọn. Òfin àwọn òyìnbó ni ó kọ́ wa láti máa bi ara wa pé kí ló kàn ọ́.

Ẹ jẹ́ kí a ṣọ́ra o. Ìyọ̀ǹda láti béèrè ni Fáwẹ̀hìnmi gbà ní 1987. Ẹjọ́ náà padà sí ìsàlẹ̀, ó tún gòkè, a kò sì gbọ́ ẹjọ́ ìpànìyàn náà títí dé òpin. Ẹ̀tọ́ láti dúró níwájú adájọ́ yàtọ̀ sí kí ọwọ́ ẹni tẹ ohun tí a wá lọ.

Ẹjọ́ kejì fi èyí hàn wá kedere, ọkùnrin kan náà ni ó sì pè é. Ní 1999, Fáwẹ̀hìnmi kọ̀wé sí Ọ̀gá Àgbà Ọlọ́pàá pé kí wọ́n wádìí àwọn ẹ̀sùn kan tí ó jẹ mọ́ ìwé-ẹ̀rí tí Gómìnà Ìpínlẹ̀ Èkó nígbà náà, Bọ́lá Ahmed Tinúbú, sọ pé òun ní. Nígbà tí kò rí ohun tí ó tẹ́ ẹ lọ́rùn, ó lọ sí Ilé-Ẹjọ́ Gíga ti Ìjọba Àpapọ̀ fún mandamus. Abala 308 nínú ìwé òfin ilẹ̀ wa ni wọ́n kọ́kọ́ fi dá a dúró, èyí tí ó ní a kò gbọ́dọ̀ pe gómìnà lẹ́jọ́ tàbí mú un nígbà tí ó bá wà lórí oyè. Ẹjọ́ náà dé Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jù Lọ, wọ́n sì dá a ní 2002. Wọn kò sọ bóyá òótọ́ wà nínú ẹ̀sùn náà tàbí kò sí. Kì í ṣe ohun tí a gbé síwájú wọn nìyẹn. Ohun tí wọ́n sọ pín sí ọ̀nà méjì. Èkíní ni pé ààbò tí òfin fún gómìnà kò dí ọlọ́pàá lọ́wọ́ láti wádìí rẹ̀. A lè wádìí, kí a kó ẹ̀rí pamọ́ de ọjọ́ tí yóò sọ̀ kalẹ̀. Èkejì ni pé abala 4 nínú òfin ọlọ́pàá kò gba òmìnira láti yàn lọ́wọ́ ọlọ́pàá: àwọn ni wọn yóò wo ẹ̀sùn tí ó yẹ kí wọ́n tẹ̀ lé àti bí wọn yóò ti tẹ̀ lé e jìnnà tó. Fáwẹ̀hìnmi kò rí àṣẹ tí ó wá gbà.

Ilé-ẹjọ́ ti ìlú Lọ́ńdọ̀nù ti sọ irú ọ̀rọ̀ yìí ní 1968, nígbà tí ọkùnrin kan tí ń jẹ́ Blackburn pe ọ̀gá àwọn ọlọ́pàá ìlú náà lẹ́jọ́ pé ó ti pàṣẹ kí a má ṣe yọ àwọn ilé tẹ́tẹ́ lẹ́nu. Adájọ́ Denning sọ pé ọ̀gá ọlọ́pàá ní òmìnira láti yàn, ṣùgbọ́n bí ó bá sọ ọ́ di ìlànà pé òun kò ní í mú ẹnikẹ́ni tí ó bá jí ohun tí kò tó ọgọ́rùn-ún pọ́n-ùn, ilé-ẹjọ́ lè dá sí i. Wọn kò fún Blackburn náà ní àṣẹ, nítorí pé kí ẹjọ́ tó parí, ọlọ́pàá ti pa ìlànà náà tì. Ẹ kíyè sí i: pípè tí ó pè wọ́n lẹ́jọ́ ni ó mú kí wọ́n pa á tì.

N kò bá àwọn adájọ́ wa jà lórí òmìnira ọlọ́pàá láti yàn. Bí a bá ní kí ọlọ́pàá tẹ̀ lé gbogbo ẹ̀sùn dé ìdí, ẹni tí ó bá ń bá aládùúgbò rẹ̀ jà lórí ààlà ilẹ̀ ni yóò gba gbogbo àkókò wọn tán. Ibi tí mo rò pé ìdájọ́ 2002 ti kù díẹ̀ káàtó ni pé kò fi dandan lé e pé kí ẹni tí ó yàn sọ ìdí tí ó fi yàn bẹ́ẹ̀, ní orí ìwé. Báwo ni adájọ́ yóò ṣe yẹ ohun tí kò sí lákọsílẹ̀ wò? Ẹni tí ó bá ní òun kò ní í wádìí, kí ó sọ ìdí rẹ̀. Èdè wa fúnra rẹ̀ so àwọn méjèèjì pọ̀.

Ilé-ẹjọ́ sì lè di ohun tí ń dí ìwádìí lọ́nà. Ní 2007, Ilé-Ẹjọ́ Gíga ti Ìjọba Àpapọ̀ ní Port Harcourt fi òfin de àjọ EFCC pé wọn kò gbọ́dọ̀ mú gómìnà àná ti Ìpínlẹ̀ Rivers, Peter Odili, tàbí pè é lẹ́jọ́, títí láé. Mo tún un sọ: títí láé. Ẹ wo bí ọ̀nà ti rọrùn tó fún ẹni ńlá tí kò fẹ́ ìwádìí, kí ẹ wá fi wé ọ̀nà tí ẹni tí ń wá ìwádìí gbọ́dọ̀ tọ̀.

Mo ti sọ̀rọ̀ gómìnà àti akọ̀ròyìn tó. Ẹ jẹ́ kí n padà sí àárín yín. Ẹ jẹ́ kí a sọ pé òṣìṣẹ́ kan kú ní òru ní ilé-iṣẹ́ tí wọ́n ti ń yọ́ irin. Ilé-iṣẹ́ sọ pé ìjàǹbá ni, ọlọ́pàá wá, ó kọ 'ìjàǹbá' sínú ìwé, wọ́n sì sin òkú. Ìyàwó rẹ̀ gbọ́ lẹ́nu àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ pé ẹ̀rọ náà ti bàjẹ́ láti oṣù kan ṣáájú, àwọn sì ti sọ fún ọ̀gá. Kí ni ó lè ṣe? Ní Ìpínlẹ̀ Èkó, òfin kan ti wà láti 2007 tí ó fún adájọ́ májísíréètì ní àṣẹ láti jókòó wádìí ikú òjijì tàbí ikú tí ó mú ìfura lọ́wọ́, kí ó pe ẹlẹ́rìí, kí ó sì sọ ohun tí ó pa òkú. Òfin yìí ni a lò nígbà tí ilé ìgbàlejò ìjọ Synagogue wó ní Ìkọ̀tún ní oṣù Kẹsàn-án 2014, tí ènìyàn 116 sì kú. Kò ná tálákà ní iye tí mandamus yóò ná an.

Bí ó bá sì jẹ́ ọlọ́pàá gan-an ni ó fẹ́ kí a yẹ̀ wò, lẹ́tà ni ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀. Kí ó kọ lẹ́tà sí ọ̀gá ọlọ́pàá tí ọ̀rọ̀ kàn, kí ó sọ ohun tí ó fẹ́ kí wọ́n ṣe ní pàtó, kí ó fi ọjọ́ sí i, kí ó sì gba òǹtẹ̀ wọn sára ẹ̀dà tí yóò wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹni tí kò béèrè ní gbangba kò lè sọ fún adájọ́ pé wọ́n kọ̀. Kí ó má sì jẹ́ kí ó pẹ́ jù, nítorí pé oṣù mẹ́ta ni ìlànà Ilé-Ẹjọ́ Gíga ti Èkó fi sílẹ̀ fún ẹni tí ń wá àtúnyẹ̀wò. Mo mọ òwe tí ẹ fẹ́ fi dá mi lóhùn, pé a kì í ti kóòtù bọ̀ ṣọ̀rẹ́. Òtítọ́ ni láàárín ọmọ ìyá méjì. Ṣùgbọ́n ọlọ́pàá kì í ṣe ọmọ ìyá ẹnikẹ́ni lẹ́nu iṣẹ́. Òfin ni ó rán an níṣẹ́, òfin kan náà ni a sì ń bi léèrè.

Ẹni tí ó bá ka ìtàn àròsọ ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ lédè Yorùbá lè sọ pé ọ̀nà mìíràn wà. Nínú Àjà Ló Lẹrù tí Ọládẹ̀jọ Òkédìjí tẹ̀ jáde ní 1969, àti Àgbàlagbà Akàn tí ó tẹ̀ lé e ní 1971, Làpàdé ti kúrò lẹ́nu iṣẹ́ ọlọ́pàá, síbẹ̀ ó ń lépa àwọn ọ̀daràn fúnra rẹ̀. A fẹ́ràn Làpàdé, mo sì ti fi ìwé méjèèjì kọ́ni lọ́dún púpọ̀. Ta ni ó sì fẹ́ ka ìtàn ọkùnrin tí ń tẹ lẹ́tà, tí ń búra sí ìwé, tí ń dúró de ọjọ́ ìgbẹ́jọ́? Ṣùgbọ́n nínú ìwé, òǹkọ̀wé ni ó rí i dájú pé ẹni tí Làpàdé ń lé ni ọ̀daràn ní tòótọ́. Ní ìgboro, kò sí òǹkọ̀wé tí yóò bá wa ṣe é.

Ìkòròdú mọ èyí ju ibi tí ó pọ̀ lọ. Ní 2016 àti 2017, nígbà tí àwọn tí a ń pè ní Badoo ń wọ ilé onílé lóru, tí wọ́n ń fi ọmọ ọlọ pa tọkọtaya àti ọmọ wọn lórí ibùsùn, àwọn ará àdúgbò rí i pé ọ̀rọ̀ náà ti ju ohun tí ọlọ́pàá ń ṣe lọ. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í ṣọ́ òru. N kò rí ẹni tí yóò dá wọn lẹ́bi fún ìyẹn. Ṣùgbọ́n ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù Keje 2017, ìbínú àwọn èrò pa àwọn tí kò mọwọ́ mẹsẹ̀, wọ́n lù wọ́n, wọ́n sì sun wọ́n, nítorí pé ojú wọn ṣàjèjì ní àdúgbò. Lójú àwọn tí ó pa wọ́n, ìwádìí ni wọ́n ń ṣe. Kò sí ẹni tí ó tún un yẹ̀ wò kí iná tó jó.

Ohun tí ó kù tí mo fẹ́ sọ ṣẹlẹ̀ ní ọjọ́ 16 oṣù Kejì 2024. Ní ọjọ́ yẹn, Adájọ́ Inyang Ekwo ti Ilé-Ẹjọ́ Gíga ti Ìjọba Àpapọ̀ ní Abùjá dá ẹjọ́ kan tí ẹgbẹ́ Media Rights Agenda pè, ẹgbẹ́ tí ń jà fún ẹ̀tọ́ àwọn oníròyìn. Ó sọ pé ìjọba ti kùnà láti dáàbò bo àwọn akọ̀ròyìn, ó sì pàṣẹ kí a wádìí ikú àwọn tí a pa, kí a sì pe àwọn tí ó pa wọ́n lẹ́jọ́. Orúkọ Délé Gíwá wà lára wọn. Láti ọjọ́ Àìkú ọjọ́ bọ́ǹbù yẹn títí di ọjọ́ ìdájọ́ yìí, ó lé ní ọdún 37. Fáwẹ̀hìnmi ti kú ní ọjọ́ 5 oṣù Kẹsàn-án 2009, kò gbọ́ ọ. Ẹgbẹ́ tí ó pe ẹjọ́ náà kì í ṣe ẹbí Gíwá, àpò kankan kò sì bú mọ́ wọn lọ́wọ́. Ẹjọ́ wọn kò kú sí ẹnu ọ̀nà lórí kí ló kàn yín ńbẹ̀. Ó dé ibi tí adájọ́ ti pàṣẹ.

Àkókò tí ó kù jẹ́ ti ìbéèrè, pàápàá láti ọ̀dọ̀ ẹ̀yin tí ẹ ti Odógúnyán wá, nítorí mo rí i pé ọkọ̀ tí yóò gbé yín padà ti ń dúró.